Ìpín Kan

Mo ní ilé iṣẹ́ rédíò kan ní Ìloro, n'Íléṣà.
Má rẹ́rìn-ín. Mo mọ̀ pé fọganáísà ni mí,
táyà ẹni ẹlẹ́ni ló wà lórí itan mi bí mo ṣe ń sọ ọ́.
Ṣùgbọ́n ìwé rẹ̀ ń bẹ nínú páálí bàtà lábẹ́ ibùsùn:
ìpín kan, ẹgbẹ̀rún márùn-ún náírà,
Ìyá Arówójobẹ̀ akápò buwọ́ lù ú,
yíǹkì bírò rẹ̀ sì ta sí orúkọ mi lára.

Afẹ́fẹ́ ni mo ń tà láti kékeré.
Ó tó àkókò kí èmi náà ra díẹ̀.

Bàbá mi ṣe òṣómàáló dé Jẹ́bà,
á lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà onígbèsè,
oòrùn á yí, òjìji á yí, kò ní dìde
àfi bí owó aṣọ bá pé.
Èmi ọmọ rẹ̀ ni wọ́n wá ń lóṣòó tì.
Sátidé mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n ni Ìyá Arówójobẹ̀ fi gbé àpótí wá,
tó jókòó ti ẹ̀rọ tí mo fi ń fa afẹ́fẹ́ sí táyà,
kò bínú, kò bú mi,
ó kàn ń họ orí, ó ń wo ojú títì,
títí n ó fi fa igba náírà yọ lábẹ́ ìtẹ́lẹ̀ bàtà.

Ilé kòkó àtijọ́ ni ilé iṣẹ́ wa.
Bí òjò bá rọ̀, òórùn kòkó á jí nínú ògiri,
Ìbírónkẹ́ tí ń ka ìròyìn á sín lórí afẹ́fẹ́,
télọ̀ iwájú mi á dá a lóhùn: "Pẹ̀lẹ́, ọmọ mi."
Ilé, ó máa ń pè é ní ulé.
Níbòmíràn, wọn ì bá ti tún ahọ́n rẹ̀ rọ.
Níbí, ta ni yóò rọ ọ́? Ulé náà ni gbogbo wa ń sùn sí.

Lọ́dún tó kọjá, olóyè kan ti Èkó dé
pẹ̀lú jẹnẹrétọ̀ tí wọn ò tíì tú ọ̀rá lára rẹ̀.
Ó ní òun ò fẹ́ nǹkan kan lọ́wọ́ wa,
ìdajì péré ni,
àti ìpín kan lé lórí ìdajì.
Ó sọ ọ́ bí ẹni tó ń tọrọ iyọ̀.

Ọlọ́kadà méjì wà láàárín wa tí wọ́n dáwó ra ìpín kan,
láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń jà lórí ọwọ́ ẹni tí yóò nà.
Lọ́jọ́ yìí, ọwọ́ méjèèjì ló lọ sókè.
Bàbá Fápohùndà, tí etí rẹ̀ ti di,
béèrè ohun tí à ń sọ; a pariwo rẹ̀ sí i létí.
Ó ní: "Ìjẹ̀ṣà kì í rídìí ìṣáná,
ulé la ti í múná roko.
Ta ló wá ń ta iná fún wa?"

Jẹnẹrétọ̀ bá ọkọ̀ tó gbé e wá padà.
Lọ́jọ́ kẹta, ògbólógbòó tiwa húkọ́, ó kú,
a sì dákẹ́ fún ọjọ́ mẹ́sàn-án.
Ìlú rí bíi táyà tó jò.
N kò ní purọ́: lọ́jọ́ keje, mo bú gbogbo wa,
mo bú ọwọ́ tí mo nà sókè.

Nígbà tí ohùn padà, mo fi ṣọ́ọ̀kì ṣírò rẹ̀ sára ògiri:
aago márùn-ún ìdájí títí dé mẹ́wàá alẹ́,
àwa ọ̀ọ́dúnrún ó lé ogójì,
ìṣẹ́jú mẹ́ta ló kàn mí lóòjọ́.
Èwo nínú rẹ̀?
Kì í ṣe ìròyìn, kì í ṣe bọ́ọ̀lù.
Mo mú ìgbà tí Ìbírónkẹ́ ń ka ohun tó sọnù:
àpò ilé ìwé kan, kọ́kọ́rọ́ mẹ́ta lórí okùn pupa,
ewúrẹ́ abiyamọ kan tó ń tiro,
a rí i kẹ́yìn lẹ́bàá báńkì àtijọ́.

Mo pa ẹ̀rọ.
Oníbàárà kan fun fèrè ọkọ̀, ó tún fun ún.
Mo na ìka mẹ́ta sí i.